Rẹ́jísítà tí Mo Gbé Lọ sí Ajido

Agogo mẹ́wàá àárọ̀ Ọjọ́bọ̀ ni, mo sì ń bínú. Ogójì ọmọ ló yẹ kó wà ní kíláàsì ìṣirò ọlọ́dún kẹrin yẹn, mọ́kàndínlógún péré ló jókòó. Ní ọjọ́ méjì ṣáájú, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ti rọ́ lọ sí ẹnu ọ̀nà yunifásítì. Wọ́n ní owó tí ìjọba ológun fi kún epo ti pọ̀ jù, wọ́n ní kò sí omi nínú ilé tí àwọn ń sùn, wọ́n ní kí ìjọba tú ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn sílẹ̀. Èmi kò sọ pé wọ́n jẹ̀bi. Ṣùgbọ́n ìdánwò àṣekágbá ku ọ̀sẹ̀ mẹ́sàn-án, mo sì ti búra fún wọn pé ẹni tí kò bá wá, màá fi bírò pupa sàmì sí orúkọ rẹ̀ nínú rẹ́jísítà. Òfin yunifásítì wa ni pé ẹni tí kò bá wá sí ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin kíláàsì kò ní jókòó ṣe ìdánwò. Àwọn mọ́kàndínlógún yẹn, kì í ṣe ìfẹ́ ìṣirò ló gbé wọn wá, ìbẹ̀rù rẹ́jísítà ni.

Mo ti kọ ìlà kejì sí ojú pátákó nígbà tí a gbọ́ ìró ọkọ̀ ńlá. Sènámì, ọmọbìnrin Ajido tó máa ń jókòó níwájú, ló kọ́kọ́ gbé orí sókè.

Ó ní, "Mà, ọkọ̀ sójà ni."

Mo ní, "Ṣé ọkọ̀ sójà ni mo bi ọ́? Kọjú sí ìwé rẹ."

N kò tíì padà sí ojú pátákó tí ìbọn fi dún. Kò dún bí ẹ ṣe ń gbọ́ ọ nínú fíìmù. Ìró gbígbẹ kúkúrú ni, bí ìgbà tí ènìyàn bá ń ṣẹ́ pákó lórí orúnkún. Lẹ́yìn náà ni nǹkan kan gba ojú fèrèsé wọlé, ó ń tú èéfín. Tajútajú ni. Ojú wa di iná, ọ̀nà ọ̀fun wa di, àwọn ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í gun orí ara wọn jáde. Nígbà tí a sáré kọjá níwájú ilé ìkàwé, ọmọkùnrin kan dojú bolẹ̀ lórí àtẹ̀gùn, bàtà kan ṣoṣo ló wà ní ẹsẹ̀ rẹ̀, kò sì mira. Kò sẹ́ni tó dúró. Èmi náà kò dúró. Mò ń kọ ọ́ síbí kí ẹnikẹ́ni má baà sọ lọ́jọ́ kan pé mo dúró.

Sènámì ló di ọrùn ọwọ́ mi mú. Ó fà mí gba ẹ̀yìn ilé, a wọ inú àbàtà tó lọ sí etí omi. Ẹrẹ̀ gba bàtà mi méjèèjì. Pọ́ọ̀sì mi wà lórí tábìlì, ìwé tí mo fi ọdún mẹ́ta kọ wà nínú àpótí ní ọ́fíìsì. Nígbà tí a dé etí omi tí mo wo ara mi, rẹ́jísítà ni mo há sí abíyá.

Bàbá Hùnsù, àbúrò ìyá Sènámì, máa ń fi ọkọ̀ alẹ́ńjìnnì gbé ẹja wá sí etí omi Òjó ní gbogbo Ọjọ́bọ̀. Òun ló kó èmi, Sènámì àti àwọn mẹ́rin mìíràn tó sá dé etí omi. Rédíò kékeré kan wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀ nínú ọkọ̀ náà, ibẹ̀ la ti gbọ́ ọ. Wọ́n ti ti yunifásítì pa títí di ìgbà tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀. Àwọn olùkọ́ tó ń gbé ilé ìjọba ní láti kó jáde kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó ṣú, wọ́n ní àwa la ti àwọn ọmọ sí i. Sójà ti dí títì márosẹ̀, ẹni tí wọ́n bá bá káàdì yunifásítì lára rẹ̀ kò ní lọ sílé. Èkìtì ni ilé mi. Ọkọ mi ti bá àwọn tó ń lọ kọ́ni ní Saudi lọ, ó ń kọ̀wé pé kí n máa bọ̀. Àwọn ọmọ mi méjèèjì wà lọ́dọ̀ ìyá mi nílé. N kò lè dé ọ̀dọ̀ ẹnikẹ́ni nínú wọn. Mo sọ fún Sènámì pé màá sùn ní Ajido fún ọjọ́ mẹ́ta.

Ní ọdún tó kọjá, àwọn ọ̀dọ́ olùkọ́ kan pè mí lórí fóònù. Wọ́n fẹ́ ṣe àpérò lórí bí olùkọ́ yunifásítì ṣe lè mú kí ara akẹ́kọ̀ọ́ yá sí ẹ̀kọ́ nígbà tí ìlú kò bá fara rọ. Wọ́n ní kò sí ẹni tó lè sọ ọ́ bí èmi, nítorí pé ìtàn Ajido ti dé etí àwọn. Ìtàn tó dé etí wọn ni ti obìnrin olùkọ́ tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò nínú ahéré tí wọ́n ti ń yan ẹja, nígbà tí ológun ti ilé ìwé pa. Ìtàn náà dùn. Ó kàn jẹ́ pé wọn kò gbọ́ ọ tán ni. N kò lọ sí àpérò wọn. Ohun tí ǹ bá sọ níbẹ̀ ni mò ń kọ yìí, kí wọ́n ṣe é bó bá ṣe wù wọ́n.

Ìyá Sènámì kò yọ̀ nígbà tó rí mi, n kò sì lè dá a lẹ́bi. Ó kí mi káàbọ̀ ní èdè Ègùn, "Mi kuabọ," ó fún mi ní omi mu, ó sì fi ẹní kan lélẹ̀ fún mi ní ẹ̀gbẹ́ Sènámì. Ọjọ́ mẹ́ta di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ẹja wà. Nígbà tó yá, epo kò sí mọ́, ẹ́ńjìnnì àwọn ọkọ̀ dákẹ́, okùn tí wọ́n fi ń hun àwọ̀n sì di ohun tí ènìyàn ń rà bí ẹni ń ra wúrà. Ìwọ̀nba ẹpìyà tí wọ́n bá fi ọwọ́ tu ọkọ̀ lọ mú, wọ́n á yan án, wọ́n á gbé e lọ sí ọjà. Orí ẹja ló kù fún ilé. A ń rẹ gààrí lẹ́ẹ̀kan lójúmọ́. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ìgbà náà ní orúkọ fún un, òdo-ọ̀kan-òdo: kò sí láàárọ̀, ọ̀kan lọ́sàn-án, kò sí lálẹ́. Mo máa ń bá wọn rẹ́rìn-ín sí i nígbà tí mo ń gba owó oṣù. Ní Ajido, mo mọ̀ pé kò pani lẹ́rìn-ín.

Ebi kọ́ ló ń bà mí lẹ́rù jù. Sènámì ló ń bà mí lẹ́rù. Mo ti kọ́ni fún ọdún mẹ́tàlá nígbà náà, n kò tíì rí ọmọ tí orí rẹ̀ pé tó bẹ́ẹ̀. Tí mo bá kọ ìbéèrè sójú pátákó, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ á wá bírò, òun á wo òkè díẹ̀, á sì sọ ìdáhùn. Ìyẹn ni ọmọ tó wá jókòó sídìí iná ẹja láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́ láìṣí ìwé kan wò. Mo bi í léèrè ìdí rẹ̀.

Ó ní, "Mà, ta ni mò ń kà á fún?"

Ìyá rẹ̀ ti rí ọ̀nà mìíràn fún un. Àǹtí kan wà ní Kùtọnu tó ń ta aṣọ, ó sì ń wá ọmọ tó mọ ìṣirò tí yóò máa dúró ti ọjà. Ìyá rẹ̀ pè mí jókòó lọ́sàn-án ọjọ́ kan, èéfín ń ta wá lójú.

"Tíṣà, ọdún mélòó ni wọ́n ní kí ọmọ fi ka ìwé yín yìí?"

"Mẹ́rin ni, Màmá."

"Ó ti di ọdún kẹfà. Ẹ̀yin á yanṣẹ́ lódì, ìjọba á tì í pa, àwọn ọmọ á jà, wọ́n á tún tì í pa. Ní Kùtọnu, ọmọ mi á máa jẹun lẹ́ẹ̀mẹta."

"Màmá, ọ̀sẹ̀ mẹ́sàn-án péré ló kù fún un. Ẹ má jẹ́ kó lọ. Tó bá lọ, kò ní padà mọ́."

"Tí wọn ò bá ṣí i ńkọ́?"

"Wọ́n á ṣí i."

"Ta ló sọ fún yín?"

Olùkọ́ ni mí, ẹnu mi kò kọ́ láti sọ pé n kò mọ̀. Mo ní, "Èmi ni mo sọ bẹ́ẹ̀. Màá rí i pé ó ṣe ìdánwò yẹn."

Ó yí ẹja kan padà lórí iná. Ó ní, "Ọwọ́ yín ni mo fi í lé o, Tíṣà."

Ní ọjọ́ kejì, mo mú rẹ́jísítà jáde. Mo jókòó sórí apẹ̀rẹ̀ tí wọ́n dojú rẹ̀ dé nínú ahéré, mo ṣí i, mo pe orúkọ Sènámì bí ìgbà tí mo wà ní kíláàsì. Ó kọ́kọ́ rò pé orí mi ti dàrú. Mo tún un pè. Ó fọ ọwọ́ rẹ̀ tó ń rùn fún ẹja, ó dìde, ó ní, "Présẹ́ǹtì, mà." Mo fi bírò fún un, ó fọwọ́ sí i. Ohun tí mo rí lójú rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, kò sí àpérò kankan tó lè kọ́ yín. Ọmọ tó ti di aláìsí nínú ìwé ìjọba tún wà nínú ìwé kan. Mo sọ fún un pé lọ́jọ́ tí wọ́n bá ṣí ilé ìwé, màá gbé rẹ́jísítà yìí lọ síwájú ìgbìmọ̀ àgbà, kò sì sẹ́ni tó máa lè sọ pé kò wá sí kíláàsì.

Ó ránṣẹ́ sí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tí wọ́n wà nítòsí. Wọ́n wá láti Àgbádárìgì, láti Apa, láti Ikoga, àwọn kan gun kẹ̀kẹ́, àwọn kan wọ ọkọ̀ ọlọ́pọ́n. Ìta Òjó ni Kàmọ̀rù ti ń wá, ó jìnnà jù wọ́n lọ. Ọmọ onílẹ̀ ni, bàbá rẹ̀ jẹ́ Àlájì, ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́. Nígbà tí gbogbo wọn pé, wọ́n jẹ́ mọ́kànlá. A ń ṣe kíláàsì ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun àti Ọjọ́bọ̀, ní ọ̀sán, nígbà tí wọ́n bá ti kó ẹja kúrò lórí iná. Èéfín ọdún pípẹ́ ti sọ ògiri ahéré náà di dúdú kirikiri, kò sí pátákó yunifásítì tó dára tó o. Nígbà tí ṣọ́ọ̀kì tán, a bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹ̀gẹ́ gbígbẹ kọ̀wé. Ọjọ́ kan, mo kọjú sí ògiri, mo nawọ́ sẹ́yìn pé kí wọ́n fún mi ní ṣọ́ọ̀kì, kò sí. Kàmọ̀rù ti jẹ ẹ́. Ó ní, "Mà, ẹ dárí jì mí, ìdáhùn yẹn ló ti gùn jù." A rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wa, torí pé ebi ń pa gbogbo wa.

Mo mú rẹ́jísítà náà le. Ẹni tó bá pẹ́, mo sàmì sí i. Ẹni tó bá ń sùn, mo pa orúkọ rẹ̀ rẹ́. Mo kọ́ wọn pé ẹni tó bá gbọ́ orúkọ rẹ̀ gbọ́dọ̀ dìde kó sì dáhùn sókè. Ó mú wọn wá. Òjò rọ̀, wọ́n wá. Ibà ń ṣe ọ̀kan nínú wọn, ó wá. Lẹ́yìn oṣù kan ni mo fa ìlà tuntun sí ẹ̀gbẹ́ ojú ìwé, mo kọ ọ́ sókè rẹ̀ pé "ibi tí a ti lè rí i," kí n lè ránṣẹ́ sí olúkúlùkù tí rédíò bá kéde pé ilé ìwé wọlé. Mo ní kí wọ́n kọ ilé tí wọ́n ń sùn gan-an, orúkọ àdúgbò, àmì tí ènìyàn fi lè mọ̀ ọ́n.

Kàmọ̀rù ló wo ìwé náà tí kò mú bírò. "Mà, ṣé ó yẹ ká kọ èyí síbẹ̀? Wọ́n ṣì ń mú àwọn èèyàn wa o."

Mo ní, "Ṣé olè la jà níbí ni? Ìṣirò la ń ṣe. Kọ ilé rẹ, jàre."

Ó rẹ́rìn-ín, ó kọ ọ́. Níbi orúkọ ló ti bá mi ṣe yẹ̀yẹ́. Ó kọ "Kàmọ̀rù Jẹṣọ́ọ̀kì." Mo fẹ́ kó pa á rẹ́, mo tún jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀. Àdírẹ́sì ilé bàbá rẹ̀ pé pérépéré.

Oṣù mẹ́rin la fi ṣe é. Ní ìparí rẹ̀, rédíò kéde pé kí àwọn olùkọ́ wá fọwọ́ sí ìwé àdéhùn pé àwọn kò ní ti ọmọ sí ìjà mọ́, pé yunifásítì máa wọlé láìpẹ́. Inú mi dùn débi pé n kò lè sùn. Mo yá bàtà ìyá Sènámì, Bàbá Hùnsù tu mí lọ sí Àgbádárìgì, mo wọ ọkọ̀ títì dé Òjó. Wọ́n ti mú ọ̀gá àgbà wa kúrò, ìjọba ti fi alábòójútó kan síbẹ̀. Ọkùnrin ọlọ́yàyà ni. Ó dìde fún mi. Ó ní kí wọ́n gbé tíì wá fún mi, tíì oní-mílíìkì, n kò sì rántí ìgbà tí mo rí mílíìkì kẹ́yìn. Mo fọwọ́ sí àdéhùn. Lẹ́yìn náà ni mo gbé rẹ́jísítà sórí tábìlì rẹ̀, mo sì rò fún un bí àwọn ọmọ mọ́kànlá kò ṣe pàdánù kíláàsì kan ṣoṣo. Mo bẹ̀ ẹ́ kó jẹ́ kí wọ́n jókòó ṣe ìdánwò ní kété tí a bá wọlé.

Ó ṣí i wò ní ojú ewé kọ̀ọ̀kan. Ó ní, "Dókítà, irú yín ló kù tí orílẹ̀-èdè yìí ní. Ṣé àwọn wọ̀nyí nìkan ni?"

"Àwọn nìkan ni, sà."

"Ibi tí wọ́n ń gbé yìí, ṣé ó tọ̀nà?"

"Ó tọ̀nà, sà. Èmi fúnra mi ni mo yẹ̀ ẹ́ wò."

Ó ní kí n fi í sílẹ̀, kí àwọn òṣìṣẹ́ lè kọ ẹ̀dà rẹ̀. Mo tilẹ̀ dúró gba ìwé ẹ̀rí pé wọ́n ti gbà á lọ́wọ́ mi, nítorí pé bẹ́ẹ̀ la ṣe ń ṣe é. Ẹ máa bi mí bóyá n kò fura. N kò fura. Ọdún mẹ́tàlá ni mo ti ń gbé rẹ́jísítà fún ọ́fíìsì. Nínú iṣẹ́ tiwa, ohun tó ń gba ọmọ là ni, kò sì wá sí mi lọ́kàn pé ojú mìíràn wà tí ènìyàn lè fi wò ó.

Mo padà sí Ajido pẹ̀lú ìròyìn ayọ̀. Ìyá Sènámì, tí kì í fi ẹja ọjà ṣeré, mú òbòkún ńlá kan lórí iná, ó gbé e síwájú mi lódindi. Ó ní, "Tíṣà, ẹ ṣeun." Mo jẹ ẹ́ dé egungun.

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó tẹ̀lé e, ọmọ mẹ́jọ ló wà ní kíláàsì. Kàmọ̀rù àti àwọn méjì kò tíì dé. Ọkọ̀ ojú omi méjì dé sí èbúté, sójà sọ̀kalẹ̀, wọ́n dúró sí ẹnu ahéré. Wọn kò pariwo, wọn kò yìnbọn. Ọ̀kan nínú wọn tó gbọ́ Yorùbá mú bébà jáde láti inú àpò, ó bẹ̀rẹ̀ sí í pe orúkọ.

"Sènámì!"

Ó dìde, ó na ọwọ́ sókè. "Présẹ́ǹtì, sà."

Sójà náà wo ẹnìkejì rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín. Ó pe orúkọ kejì. Ìyẹn náà dìde, ó dáhùn. Ó pe ẹ̀kẹta. Wọ́n rò pé ọ̀rọ̀ ìdánwò ni. Omi wà lẹ́yìn wa, ọkọ̀ ọlọ́pọ́n mẹ́rin wà nítòsí, àwọn ọmọ tó ń gbé etí ọ̀sà ni wọ́n, wọn ì bá ti sá lọ kí sójà tó yí ojú padà. Kò sí èyí tó sá. Àwọn mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ dìde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n dáhùn sókè, gẹ́gẹ́ bí mo ṣe kọ́ wọn. Èmi ló kọ́kọ́ yé, nítorí pé rẹ́jísítà mi ni mo gbọ́. Bí mo ṣe to orúkọ náà ni ọkùnrin yẹn ń tò ó.

Nígbà tí wọ́n ti so ọwọ́ wọn, mo sáré mú apá sójà náà. Mo ní kó mú mi, pé èmi ni mo pe ìpàdé. Ó yọ ọwọ́ mi kúrò jẹ́jẹ́.

"Ẹ jókòó, Mọ́mì. Ọ̀gá ní ká kí yín dáadáa. Wọ́n ní ẹ ṣeun fún ìrànlọ́wọ́ yín."

Gbogbo wọn gbọ́ ọ. Sènámì yíjú sí mi. Ó ní, "Mà?" Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yẹn ló sọ. Mo tẹ̀lé wọn dé etí omi. Wọ́n kó wọn sínú ọkọ̀.

Ìyá rẹ̀ kò bú mi. Ó bu omi sí iná, ó ń bù ú títí gbogbo iná ahéré náà fi kú, ẹja tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ tò sórí rẹ̀ fún ìrọ̀lẹ́ sì wà níbẹ̀ ní tútù. Lẹ́yìn náà ló sọ fún mi láìwo ojú mi pé ọkọ̀ Hùnsù ń lọ lọ́la, kí n bá a lọ. Mo bá a lọ.

Mo jókòó sí ẹnu ọ́fíìsì alábòójútó fún ọjọ́ márùn-ún, kò rí àyè rí mi mọ́. Wọ́n ti lẹ ìwé kan mọ́ pátákó ìkéde: àwọn ọmọ mọ́kànlá, wọ́n lé wọn títí láé nítorí ìpàdé tí òfin kò gbà. Wọn kò tilẹ̀ wo orúkọ náà lẹ́ẹ̀kejì. Nọ́ńbà kẹsàn-án ni Kàmọ̀rù Jẹṣọ́ọ̀kì. Àwọn kan tó ń kọjá kà á, wọ́n rẹ́rìn-ín.

Ilé bàbá rẹ̀ ni wọ́n ti mú un. Àlájì wá bá mi ní yàrá tí mo gbà sí lẹ́yìn ọjà. Ó bọ́ fìlà rẹ̀, ó jókòó.

"Ìyáàfin, wọ́n ní ìwé kan ló júwe ilé mi. Ẹ̀yin lẹ ní kó kọ ọ́?"

"Èmi ni, sà."

Ó mi orí lọ́pọ̀ ìgbà. Ó ní, "Ó ṣeun tí ẹ kò parọ́." Ó dé fìlà rẹ̀, ó jáde.

Oṣù mẹ́sàn-án ni wọ́n fi wà ní àtìmọ́lé. Àwọn mẹ́wàá ló padà. Wọ́n ní ìgbẹ́ ọ̀rìn ló pa Kàmọ̀rù, wọ́n sì ti sin ín kí wọ́n tó ránṣẹ́ sí bàbá rẹ̀. Ọmọ tó sọ fún mi pé kò yẹ ká kọ ọ́, òun ló kú. Mo ti gbé ọ̀rọ̀ yìí yí ka lọ́pọ̀ ọdún, n kò rí ibi tí mo lè gbà dì í mú tí kò ní gé mi lọ́wọ́. Sènámì dé ní ọjọ́ Àìkú, ó kọjá sí Kùtọnu kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí. Kò wá mi wá.

Èmi padà sí kíláàsì. Wọ́n san owó oṣù mi tó ti dá dúró, wọ́n dá ilé mi padà, wọ́n tilẹ̀ gbé mi ga ní ọdún tó tẹ̀lé e. Ìdánwò wáyé, mo sì dúró ṣọ́ ọ nínú gbọ̀ngàn kan tó dákẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí mo ń gbọ́ ìró bírò lórí bébà. N kò pe orúkọ akẹ́kọ̀ọ́ kankan mọ́ títí mo fi fẹ̀yìn tì. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi ní mo ti di ọ̀lẹ. Ẹni tó bá wá, wá. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fẹ́ràn mi fún un, àwọn aláìmọ̀kan.

Nígbà tí ológun kúrò lórí oyè, ìgbìmọ̀ àgbà kọ̀wé pé àwọn dárí ji gbogbo ọmọ tí wọ́n lé nígbà náà, pé ẹni tó bá fẹ́ lè padà wá parí ẹ̀kọ́ rẹ̀. Wọ́n dárí jì wọ́n! Mo gba ìwé ti Sènámì, mo gbé e lọ sí Ajido fúnra mi. Ó ti padà láti Kùtọnu nígbà tí ìyá rẹ̀ kú, òun ló ń yan ẹja níbẹ̀ báyìí. Ó ti sanra díẹ̀. Ó kúnlẹ̀ kí mi, ó pè mí ní Mà, ó gbé àga fún mi, ó gbé oúnjẹ wá. Ó ka ìwé náà láti òkè dé ìsàlẹ̀, ó ká a, ó dá a padà fún mi.

"Ẹ ṣeun, mà. Ẹ kú wàhálà."

"Sènámì, ọ̀sẹ̀ mẹ́sàn-án péré ló kù fún ọ nígbà náà. Orí rẹ ṣì pé. O lè parí rẹ̀."

"Mà, mi ò bínú sí yín. Mo ti fẹ́ sọ ìyẹn fún yín tipẹ́. Ṣùgbọ́n mi ò lọ."

Mo ń ti ìwé náà bọ àpò mi nígbà tí ọmọbìnrin kan wọlé láti etí omi. Ọmọ bí ọdún mẹ́wàá ni, iwájú orí ìyá rẹ̀ ló gbé wá sáyé. Ó kúnlẹ̀, ó wò mí dáadáa.

Ó ní, "Mà, ṣé òótọ́ ni pé ẹ̀yin lẹ kọ́ màmá mi ní ìṣirò?"

Mo ní, "Òótọ́ ni. Mi ò kọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n tó màmá rẹ rí." Ara mi yá. Ó ti pẹ́ tí ara mi ti yá bẹ́ẹ̀ kẹ́yìn. Mo fà á mọ́ra, mo ní, "Kí ni orúkọ rẹ?"

Sènámì ti dìde. Kò gbé ohùn sókè. Ó ní, "Mà, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ má béèrè orúkọ rẹ̀."

Ọmọ náà wo ìyá rẹ̀, ó sì pa ẹnu rẹ̀ dé. Mo fi í sílẹ̀. Mo jẹ ìyókù oúnjẹ tí wọ́n gbé fún mi nítorí pé kò dáa kí n fi sílẹ̀, mo dúpẹ́, mo sì wọ ọkọ̀ padà. Ọmọ náà á ti dàgbà báyìí. N kò mọ orúkọ rẹ̀.